Òkúta Tó Lọ́ Wọ́ọ́rọ́

Ó ti rẹ Lámídì ju kó sọ̀rọ̀ lọ. Láti òwúrọ̀ ni òun àti Múdà, tí wọ́n jọ ń ṣọ́ ibi ìfọ́kúta, ti ń bá àwọn ọ̀mọ̀wé ru egungun ejò tí wọ́n hú nínú òkúta ẹfun. Ejò àtayébáyé ni, irú rẹ̀ ti kú àkúrun kí èèyàn tó wà láyé. Oríkèé ẹ̀yìn rẹ̀ kan ṣoṣo tó odó. Orí nìkan ni wọn ò rí.

Nígbà tí ilẹ̀ ṣú, tí àwọn ọ̀mọ̀wé ti lọ, Múdà bẹ̀rẹ̀ sí í súfèé.

"Múdà, a kì í súfèé lálẹ́. Ejò ló ń pè."

"Ẹ̀yin náà, Bọ̀dá! Èwo ló fẹ́ wá? Èyí tó ti di òkúta?"

Ó gbé tọ́ọ̀ṣì, ó sì ń súfèé lọ sí ẹ̀yìn kòtò. Kò sí agbára àríyànjiyàn lára Lámídì.

Láìpẹ́, ó gbọ́ tí nǹkan ń wọ́ bọ̀ lórí òkúta wẹ́wẹ́, gẹ̀rẹ̀rẹ̀, bí àpò sìmẹ́ńtì. Ó ní Múdà ló ń wọ́ tapólì tí wọ́n fi ń bo egungun. Ṣùgbọ́n ìfé Múdà ṣì ń dún lọ́hùn-ún.

Ìró náà dákẹ́. Nínú òkùnkùn, ẹsẹ̀ Lámídì kan òkúta gbọọrọ kan, ó bá jókòó lé e. Òkúta náà lọ́ wọ́ọ́rọ́. Ó ní oòrùn ọ̀sán ni; ó gbàgbé pé inú òjò ni wọ́n ti ṣiṣẹ́ láti àárọ̀. Ìbàdí tó ń ro ó rọlẹ̀.

Tọ́ọ̀ṣì Múdà tàn dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ìfé dá.

"Bọ̀dá, kí lẹ jókòó lé?"

Kó tó fèsì, òkúta náà mí kanlẹ̀ lábẹ́ rẹ̀, bí ẹni tó rẹ̀ ju Lámídì lọ.