Mo-ti-mọ̀ àti Ẹ̀jẹ̀ Tó Ń Padà Bọ̀ Lára Ẹ̀gbọ́n Rẹ̀

Aago kan ọ̀sán kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Oòrùn mú ganrín-ganrín, ewé kan ò mì. Ẹ̀yin tí ẹ máa ń ka ìlà méjì tí ẹ ó ti ní ẹ mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ń lọ, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka eléyìí dé ìsàlẹ̀ kí ẹ tó fi ránṣẹ́ sí ẹlòmíràn. Ẹ̀yin gan-an ni mo tìtorí yín kọ ọ́.

1.
Ọkùnrin kan wà nílé ìwòsàn ńlá kan. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa ti bẹ́ẹ̀dì aláìsàn, kó sì máa gbé ẹ̀jẹ̀ láti wọ́ọ̀dù lọ sí yàrá àyẹ̀wò. Ọdún mọ́kàndínlógún ló ti wà lẹ́nu ẹ̀. Mo-ti-mọ̀ ni gbogbo wọn ń pè é, nítorí kò sẹ́ni tó ń ṣàlàyé dé ìdajì fún un tí kò ní já ọ̀rọ̀ gbà lẹ́nu onítọ̀hún. Bí o bá ní ilẹ̀ ń yọ̀, á ní "Mo ti mọ̀," ìdí rẹ̀ á sì ti kanlẹ̀.

Lọ́sẹ̀ yẹn, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló wà ní yàrá àwọn tí àìsàn wọn le jù. Oníbúrẹ́dì ni ẹ̀gbọ́n yìí, òun ló sì tọ́ ọ dàgbà lẹ́yìn ikú ìyá wọn. Ọjọ́ kejì rèé tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ abẹ ikùn fún un. Rọ́bà tín-ín-rín kan wọ inú iṣan ọrùn rẹ̀, wọ́n sì fi nǹkan kékeré kan há a níka tó ń kọ nọ́ńbà sójú ẹ̀rọ.

"Méjìdínlọ́gọ́rùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún!" Mo-ti-mọ̀ pariwo. "Ẹ̀gbọ́n mi ló gba ipò kìíní!"

Nọ́ọ̀sì ò rẹ́rìn-ín. Ó fa ẹ̀jẹ̀ díẹ̀ láti inú rọ́bà ọrùn, ó dé sírínjì náà pinpin, ó kì í sáàárín omi dídì, ó sì nà án sí Mo-ti-mọ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ sáré gbé e lọ. Ẹ má ṣí i o, torí tí afẹ́fẹ́ bá…"

"Mo ti mọ̀, nọ́ọ̀sì. Kó má dà nù."

"Kì í ṣe pé kó má dà nù nìkan…"

Ó ti dé ẹnu ọ̀nà.

2.
Nígbà tó dé ibi fèrèsé, ó gbé sírínjì náà sókè wò. Ẹ̀jẹ̀ inú rẹ̀ dúdú bí epo mọ́tò tó ti gbó. Kí ló sọ ẹ̀jẹ̀ ẹ̀gbọ́n òun di báyìí? Ó yí i wò síwá sẹ́yìn, ó ṣí ìdérí rẹ̀, ó fa sírínjì náà sẹ́yìn díẹ̀, ó sì mì í. Àfi bí idán! Ẹ̀jẹ̀ náà ń pọ́n níṣojú rẹ̀.

"Ooru lásán ló mú un," ló wí. Ó ti afẹ́fẹ́ náà jáde, ó dé e padà, ó sì gbé e lọ tẹ̀rín-tẹ̀rín.

Ẹ̀yin òǹkàwé, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí Mo-ti-mọ̀ kò jẹ́ kí wọ́n sọ fún òun. Ohun tó wà níka ń ka ọ́síjìn tí ẹ̀jẹ̀ gbé jáde lọ fún ara. Rọ́bà ọrùn ń fi èyí tó ṣẹ́ kù hàn nígbà tí ẹ̀jẹ̀ bá ń padà. Ó dà bí àtẹ búrẹ́dì: gbogbo àtẹ ló ń kún bó bá ń jáde. Bí wọ́n bá wá ń padà lófìfo, tí wọn ò sì pọ̀ mọ́ lójú ọ̀nà, ebi ń pa àwọn ará ilé. Ẹ̀jẹ̀ tí ara ti gba ọ́síjìn rẹ̀ máa ń dúdú. Afẹ́fẹ́ ìta, tí ọ́síjìn wà nínú rẹ̀, ni Mo-ti-mọ̀ fi kún àtẹ òfìfo yẹn.

3.
Èsì dé: ọ́síjìn tó ṣẹ́ kù jẹ́ mẹ́rìndínlọ́gọ́rin nínú ọgọ́rùn-ún.

"Èyí dáa," ni dókítà wí. "Ẹ jẹ́ ká ṣì máa wò ó."

Nọ́ọ̀sì fọwọ́ kan ẹsẹ̀ aláìsàn. Ó tutù. Ìtọ̀ rẹ̀ náà ò tó nǹkan. Ó bọ́ síta, ó dojú kọ Mo-ti-mọ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, nọ́ńbà yìí ò bá ẹsẹ̀ yẹn mu. Ṣé ẹ ṣí i?"

"Èmi? Lẹ́yìn ọdún mọ́kàndínlógún? Ẹ máa wò mí dáadáa o!"

Wákàtí méjì kọjá. Ó yọjú sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ètè obìnrin náà ti funfun, àmọ́ ojú ẹ̀rọ ṣì ń kọ méjìdínlọ́gọ́rùn-ún.

"Àbúrò," ohùn rẹ̀ ò jáde tán, "ó ń ṣe mí bíi pé mò ń sáré, bẹ́ẹ̀ orí ìdùbúlẹ̀ ni mo wà."

Mo-ti-mọ̀ sáré jáde. "Nọ́ọ̀sì! Mo ṣí i! Ẹ dákun, mo ṣí i!"

Nọ́ọ̀sì fa òmíràn, ó sì fúnra rẹ̀ sáré gbé e lọ. Mẹ́rìnlélógójì! Ẹ̀jẹ̀ ti ń dà sínú ikùn aláìsàn láìsẹ́ni tó rí i. Wọ́n tì í padà sí yàrá iṣẹ́ abẹ kíákíá.

4.
Kò kú. Ṣùgbọ́n wákàtí méjì yẹn ti ba kíndìnrín rẹ̀ jẹ́. Ẹ̀rọ ló ń bá a fọ ẹ̀jẹ̀ báyìí, ẹ̀ẹ̀mẹta lọ́sẹ̀. Kò lè dúró ti iná ààrò mọ́, wọ́n sì ti ti ilé búrẹ́dì pa. Wọ́n gba iṣẹ́ gbígbé ẹ̀jẹ̀ lọ́wọ́ Mo-ti-mọ̀. Bẹ́ẹ̀dì nìkan ló ń tì.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ bú mi," ó wí lọ́jọ́ kan.

"Kí n bú ẹ kí n rí kí ni? Ìgbà tí mo ń kọ́ ẹ ní búrẹ́dì ṣíṣe náà, o ò gbọ́ ọ tán."

Ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi: bí ẹni tó mọ iṣẹ́ bá ń bá yín sọ̀rọ̀, ẹ jẹ́ kó parí rẹ̀. Ohun tí ẹ ò mọ̀, ẹ béèrè; ẹ má fọwọ́ dán an wò lára ẹ̀mí ẹlòmíràn. Bí ẹ bá sì ti ṣàṣìṣe, kíá ni kí ẹ sọ ọ́. Irọ́ yẹn ló jẹ wákàtí méjì.

Lọ́jọ́ kejì tí òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sọ̀rọ̀ yìí, Mo-ti-mọ̀ lọ bá nọ́ọ̀sì. "Ọ̀rọ̀ tí ẹ ń sọ lọ́jọ́ yẹn, pé 'tí afẹ́fẹ́ bá'… ẹ jọ̀ọ́, ẹ parí rẹ̀."

Mo-ti-mọ̀ fa àga, ó jókòó, ó sì gbọ́ ọ tán.