Ásíìdì Aláwọ̀ Búlúù

"Ásíìdì bátìrì kì í ṣe búlúù!" ni tíṣà kẹ́mísìrì pariwo. "Bí omi lásán ló rí!"

"Ta ló fẹ́ wo omi lásán, sà?" ni olùdarí fíìmù dáhùn, ó sì tún da búlúù ìfọṣọ sínú ìgò.

Òṣèré tó wọ kóòtù funfun tíṣà gbé ìgò náà sókè síwájú kámẹ́rà. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó kún ojú fèrèsé pàtẹ́wọ́. Ọmọ́ṣaléwá, tó máa ń sùn ní kíláàsì tíṣà, ló pariwo jù: "Ẹ tún un ṣe, sà!"

Sà! Òṣèré ló ń pè ní sà. Láti 1974 ni tíṣà ti ń kọ́ni ní Ìjẹ̀bú-Òde, kò sẹ́ni tó pàtẹ́wọ́ fún un rí.

Nígbà tí wọ́n ń kó ẹrù, olùdarí ń wá ìyókù búlúù. "Ẹ ò bá wa rí i, sà?"

"Kí ni mo fẹ́ fi ṣe?"

Òṣèré wá dúpẹ́, ó na ọwọ́. Tíṣà na ọwọ́ òsì sí i.

"Há! Ọwọ́ òsì kẹ̀, sà?" ni Ọmọ́ṣaléwá kígbe.

 Ọwọ́ ọ̀tún tíṣà wà nínú àpò ṣòkòtò, ó di búlúù tó fẹ́ fi kọ́ kíláàsì rẹ̀ ní Mọ́ńdè mú ṣinṣin, òógùn sì ti pa àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ láró.