Ìlà Pupa

Ìyá mi ń fi ìka tọ ojú ìwé náà láti òkè wá sí ìsàlẹ̀.

Ọdún 1975 ni. A jókòó sí pálọ̀ mi ní Ìsọlọ̀. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ gba ìwé ìtàn ìjọ abúlé wa ní Èkìtì lọ́wọ́ àwọn atẹ̀wé ní Bọ́ládé ni.

"Adé, èwo ni orúkọ mi? Ṣé ó wà níbẹ̀ pé èmi ni mo fún wọn ní ilẹ̀ tí wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì sí?"

"Ó wà níbẹ̀, Ìyá."

Mo gbé ìka rẹ̀ lé ìlà kan.

Inú rẹ̀ dùn. Ó ké sí Àlàájì Rùfáì, ará ilé wa.

"Àlàájì, ẹ wá bá mi kà á sókè!"

Mo yára dìde láti gba ìwé náà.

Àlàájì rẹ́rìn-ín. "Ìyá Tíṣà, ilé kéú lèmi lọ o! Ọmọ yín ni kẹ́ ẹ ní kó kà á."

Ìyá mi na ìwé náà sí mi. "Fi bíró fa ìlà sábẹ́ rẹ̀, kí n má baà ṣì í mú."

Bíró pupa tí mo fi ń máàkì ni mo fi fà á.

Abẹ́ ìrọ̀rí rẹ̀ ni ìwé náà wà títí ó fi kú.

Èmi ni mo kọ ìtàn náà. Pásítọ̀ Olúbọ̀wálé ló sọ pé orúkọ ẹni tí kò ṣe ìrìbọmi kò gbọdọ̀ wọ inú ìwé ìjọ. Mi ò jiyàn. Mo yọ orúkọ Ìyá mi.

Ìwé náà ṣì wà lọ́wọ́ mi. Abẹ́ orúkọ Olúbọ̀wálé ni ìlà pupa náà wà.