Ìpè Orúkọ Lábúlé Àhoro

Láyé àtijọ́, nílẹ̀ Sikọ́tílándì, Ọ̀gágun Makire, tó ni ilẹ̀ abúlé kan, kó ọmọkùnrin méjìlá níbẹ̀ lọ sógun, ó sì búra fún àwọn bàbá wọn pé òun ò ní gba oko lọ́wọ́ wọn láéláé. Òun nìkan ló padà dé. Ó dalẹ̀, ó lé àwọn bàbá náà kúrò lábúlé, ó fi àgùntàn rọ́pò wọn.

Lálẹ́ ọjọ́ kan, òun àti Iwini ìránṣẹ́ rẹ̀ gẹṣin gba ẹ̀gbẹ́ abúlé àhoro náà. Lójijì, ẹṣin rẹ̀ dúró, àwọn àgùntàn dákẹ́. Ẹnìkan ń pe orúkọ nínú òkùnkùn, bí wọ́n ti ń pe ọmọ ogun ní ibùdó. Láti inú àwọn ilé tí kò lórùlé mọ́, ohùn ọ̀dọ́ ń dáhùn lọ́kọ̀ọ̀kan: "Mo wà níbí, sà!"

"Ọ̀gá mi, tí wọ́n bá pè yín, ẹ má ṣe jẹ́ o," ni Iwini wí.

Makire fọwọ́ di ẹnu. Ó ń ka iye orúkọ tí wọ́n ń pè, ó pé méjìlá. Ìpè dákẹ́, Makire mí kanlẹ̀.

Ni wọ́n bá pe tirẹ̀.

Ọwọ́ tó fi di ẹnu gbéra fúnra rẹ̀, ó lọ síwájú orí bí ológun tó ń kí ọ̀gá.

"Mo wà níbí, sà!"

Ìgbà náà ni ẹṣin rẹ̀ tó gbẹ́sẹ̀, ó kọrí sínú abúlé.