Àgò Onílé

Kò sí ohun tó ń bí Ìyá Jọláadé nínú ní àgọ́ ogunléndé bí ìkíni àwọn aládùúgbò rẹ̀. Ẹni tó ń sùn lábẹ́ tapólì á dúró lẹ́nu ọ̀nà ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, á ní, "Àgò onílé." Ti inú á sì gbóhùn sókè, á ní, "Àgò yà, ẹ wọlé." Ìyá tó sá fógun, tó fi ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì sílẹ̀, a máa yínmú sí wọn.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, Àṣàbí, aládùúgbò rẹ̀, po amọ̀ wá.

"Ìyá, ẹ jẹ́ n bá yín rẹ́ ẹnu ọ̀nà yín."

"Ọ̀ṣọ́ orí ààtàn. Ìwọ lonílé, àtìpó lèmi. Kò sí onílé níbí."

"Ẹ má máa sọ ọ́ lálẹ́ o, Ìyá."

Ilẹ̀ ṣú. Lójijì, àwọn ìrẹ̀ dákẹ́. Ìyá gbọ́ ẹsẹ̀ tó ń bọ̀ lórí iyanrìn, ṣùgbọ́n ó ń dún bí ẹsẹ̀ lórí sìmẹ́ńtì.

"Àgò onílé."

Ìyá pòṣé. "Kò sí onílé níbí."

"Kò sí rárá?" Ohùn náà tutù pẹ̀sẹ̀.

"Ṣé etí rẹ di ni? Mo ní kò sí."

"Ẹ ṣeun, Ìyá. Ó pẹ́ tí mo ti ń wá irú ibẹ̀."

Tapólì ẹnu ọ̀nà kò mì. Ẹnìkan jókòó sórí ẹní lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó ń bọ́ bàtà bí ẹni tó délé.