Omi Ilé Díákónì

Kí fóònù tó jẹ́ kéèyàn ha káàdì oríire tó wà lójú rẹ̀, yóò kọ́kọ́ bi í pé, “Ṣé eré ni àbí tẹ́tẹ́?”

Díákónì Adéṣọjí, tó máa ń bá àwọn ọ̀dọ́ ìjọ wí nítorí tẹ́tẹ́, rọra dáhùn pé, “Eré ni.” Ó fi omi tí ilé wọn máa lò lónìí dógò, ó sì fi àtàǹpàkò ha káàdì náà. Kò jẹ. Lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, omi dá nílé ìwẹ̀.

Mopélọ́lá ìyàwó rẹ̀ ró aṣọ mọ́ àyà, ó jáde tòun ti ọṣẹ lójú.

“Bàbá Ìfẹ́olú, ẹ tún ti ha á?”

“Eré lásán ni,” ni ọkọ wí. Kò lè gbójú sókè.

“Bó bá jẹ́ eré ni, ẹ rẹ́rìn-ín kí n gbọ́.”

Díákónì la ẹnu. Ẹ̀rín kọ̀, kò jáde.