Ẹ Kú Ewu, Màmá Rúùtù

Ọkọ̀ òfuurufú àárọ̀ gbé èmi àti ìyá ọkọ mi láti Ìbàdàn dé Póláǹdì kí oúnjẹ àárọ̀ tó dà nínú wa. Yóò dá wa padà kí ilẹ̀ tó ṣú. Hálínà, afinimọ̀nà wa, fi ilé tí àwọn Násì ti dáná sun òkú àwọn Júù tí wọ́n pa hàn wá. Lẹ́yìn náà ló mú wa wọ yàrá Màmá Rúùtù.

Ó ti lé lọ́gọ́rin ọdún tí Màmá Rúùtù, Júù kan tó la ìpakúpa náà já, ti kú; kó tó kú ni wọ́n ti gba àwòrán rẹ̀ àti ìdáhùn rẹ̀ sí oríṣiríṣi ìbéèrè sílẹ̀. Àwòrán rẹ̀ ló jókòó sórí àga, tó ń mí, tó ń tún ìborùn ṣe. Ẹ̀rọ tí a fi sétí ń sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ di Yorùbá.

"Ẹ bi í ní ohunkóhun," Hálínà wí. "Ó máa dáhùn."

Ìyá ọkọ mi kúnlẹ̀. Ojú tì mí díẹ̀, torí àwòrán ṣáà ni.

"Ẹ kú ewu, mà," ni wọ́n wí. "Ewu iná kì í pa..."

Wọ́n rántí ibi tí a wà, wọ́n fọwọ́ bo ẹnu. Ṣùgbọ́n ẹ̀rọ ti gbọ́ "iná", ó sì ti rò pé ìbéèrè ni.

"Iná," Màmá Rúùtù dáhùn jẹ́jẹ́. "Ìyá mi ni wọ́n kọ́kọ́ mú lọ síbẹ̀. Lẹ́yìn náà, Míríámù àbúrò mi. Ó di aṣọ mi mú."

Hálínà ní ká máa bọ̀, pé àwọn mìíràn ń dúró níta. Ìyá ọkọ mi ò dìde.

"Ẹ kú ará fẹ́ra kù, mà."

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún ìbéèrè yín bi mí."

"Kì í ṣe ìbéèrè, mà. Mo kàn ń kí yín ni."